Ilẹ̀ Tí Fàósátù Kò Gbà Láti Tẹ̀

Ọdún mẹ́tàlélógún gbáko ni Fàósátù fi ṣe iṣẹ́ wolé-wolé ní Ẹ̀pẹ́. Bí ó bá wọ agbolé ènìyàn, kì í wo ojú onílé. Gọ́tà ni yóò kọ́kọ́ wò. Ó máa ń sọ pé ojú onílé lè purọ́, kọ́tìnì lè purọ́, ṣùgbọ́n gọ́tà kò mọ irọ́ pa. Ohun tí wọ́n dà sínú rẹ̀ lánàá ni yóò kà fún ọ lónìí. Lẹ́yìn gọ́tà, kànga. Lẹ́yìn kànga, ilé ìgbẹ́. Ìgbà tó bá wo gbogbo rẹ̀ tán ni yóò tó kúnlẹ̀ kí àgbà ilé. Àwọn èèyàn bẹ̀rù rẹ̀ ju àwọn ọkùnrin inú iṣẹ́ náà lọ, nítorí kì í gba rìbá, ẹni tí kì í bá sì gba rìbá, kò sí ibi tí èèyàn fẹ́ gbà bẹ̀ ẹ́. Bí ilé bá ní àléébù, á kọ ìwé, á lẹ̀ ẹ́ mọ́ ilẹ̀kùn: orúkọ onílé, ohun tó bàjẹ́, ọjọ́ mọ́kànlélógún. Ní ọjọ́ kejìlélógún, wọn á rí i tó ń bọ̀, ìwé ńlá rẹ̀ ní abíyá. Ohun méjì péré ló máa ń kọ sínú ìwé náà: "Ó ti tún un ṣe," tàbí "Kò tíì tún un ṣe."

Ọdún mọ́kànlá ló fi kọ́ ilé tirẹ̀, ní búlọ́ọ̀kù kọ̀ọ̀kan. Yàrá mẹ́rin, kànga kan, àti gọ́tà tí omi inú rẹ̀ ń ṣàn bí ẹni tí wọ́n ń lé bọ̀ lẹ́yìn. Wọn kò tíì kan òrùlé ẹ̀yìn tán tí ọkọ rẹ̀ fi kú. Inú ọgbà ilé náà ni wọ́n sin ín sí, ìṣísẹ̀ méjìlá sí kànga, ní ìhà ìwọ̀-oòrùn. Fàósátù fi búlọ́ọ̀kù yí sàréè náà ká. Bí Ramadan bá ti ń kù sí dẹ̀dẹ̀, á po ẹfun, á fi kùn ún fúnra rẹ̀. Kì í bẹ ẹnikẹ́ni ní iṣẹ́ yẹn. Ó ti wọn ilẹ̀ sàréè tirẹ̀ náà sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ìṣísẹ̀ mẹ́ta sí i.

Rodiyat, ọmọ kan ṣoṣo tó bí, nọ́ọ̀sì ni ní Calgary. Nígbà tó bí Mardiyah, ó ní kí ìyá òun wá bá òun wẹ ọmọ. Oṣù mẹ́fà ni wọ́n dá. Oṣù mẹ́fà náà ti di ọdún márùn-ún. Lákọ̀ọ́kọ́, wọ́n ní daycare kò ní àyè. Lẹ́yìn ìyẹn, wọ́n ní inú snow kọ́ ni àgbàlagbà ti ń rìnrìn àjò. Nígbà tó yá, ó ku PR, ìwé ìgbélùú: Mummy, ẹ ní sùúrù kí PR yín jáde ná. PR jáde. Fàósátù kò jáde.

Láàárín ìyẹn, Rodiyat àti Ọlábánjọ ọkọ rẹ̀, tó ń ṣe iṣẹ́ kọ̀ǹpútà ní downtown, kúrò nínú ilé tí wọ́n háyà, wọ́n ra ilé sí Whitehorn. Basement, yàrá abẹ́ ilẹ̀, ni wọ́n fún ìyá. Ó mọ́, ó móoru, àmọ́ fèrèsé rẹ̀ bá ilẹ̀ ìta dọ́gba. Bí snow bá kó jọ síbẹ̀, á ṣú mọ́ ọn lójú lọ́sàn-án gangan. Ọjọ́ tó kọ́kọ́ wọ ibẹ̀, ó wo òkè, ó wo ilẹ̀, ó ní ká ní ìgbà tòun ni, òun ì bá ti fún wọn ní ìwé nítorí fèrèsé yẹn. Wọ́n rẹ́rìn-ín. Òun kò rẹ́rìn-ín.

Ohun tó ń mú un dúró ni fídíò. Láti ìgbà tí wọ́n ti kó dé Whitehorn, bí oṣù méjì tàbí mẹ́ta bá ti lọ, Rodiyat á fi ọ̀kan ránṣẹ́ sórí fóònù rẹ̀. Ṣínà ló ń yà á, ọmọ àbúrò Fàósátù tí wọ́n fi ilé náà sí lọ́wọ́: Big Mummy, ilé yín rèé o, kò séwu. Ògiri rèé, ilẹ̀kùn rèé, gọ́tà rèé. Ṣùgbọ́n kò sí ọ̀kan tó dé ẹ̀yìn, níbi kànga. Fàósátù á ní òun fẹ́ rí sàréè. Rodiyat á ní network ló gé e, á ní ó di ìgbà mìíràn. Bó bá sì pe Ṣínà fúnra rẹ̀, ohùn lásán ni yóò gbọ́, torí Ṣínà ní network Ẹ̀pẹ́ kò lè gbé àwòrán. Aládùúgbò kan ṣoṣo tó ní nọ́ńbà rẹ̀ ti di ará ọ̀run. Ohun tí obìnrin yìí sì ń fẹ́ láyé kò ju ìyẹn lọ: kí ó padà sílé rẹ̀ nígbà tí ẹsẹ̀ ṣì gbé e, kí ó kun sàréè náà lẹ́fun, kí wọ́n sì tẹ́ òun náà sí ìṣísẹ̀ mẹ́ta yẹn bí ọjọ́ bá pé.

Oyèníkẹ́ ló mú un jáde ní ọjọ́ Àìkú kan nínú oṣù Kẹsàn-án. Akẹ́kọ̀ọ́ ni Oyèníkẹ́, ó háyà yàrá kejì tó wà ní basement. Olùkọ́ wọn ní kí kálukú lọ tẹ̀lé afinimọ̀nà kan rìn, kí ó wá kọ ohun tó rí. Èyí tó bọ́ sí ọjọ́ tí kò lọ síbi iṣẹ́ ni ìrìn àdúgbò àtijọ́ àwọn Júù, ní ẹ̀gbẹ́ ìlà-oòrùn downtown. Ó ní, "Mummy, ẹ jẹ́ ká jọ lọ jàre. Ilé ni wọ́n ń wò. Iṣẹ́ yín náà kúkú ni."

Wọ́n wọ train ní Whitehorn. Èèyàn mọ́kànlá ló pé jọ. Shirley ni orúkọ obìnrin tó ń fi wọ́n mọ̀nà, arúgbó kékeré kan tó dé fìlà, tó kó àwọn fọ́tò tó fi ọ̀rá bò dání. Júù ni òun náà, ibẹ̀ ni wọ́n ti bí ìyá rẹ̀. Fàósátù kọ́kọ́ fẹ́ràn rẹ̀, torí obìnrin náà ń wo ilẹ̀ bó ti ń rìn.

Ìgbà tí wọ́n dúró ní ibi àkọ́kọ́ ni ọ̀rọ̀ kò yé e mọ́. Shirley ní ibi yìí ni àwọn baba àwọn ti ń jọ́sìn. Ilé ńlá onígíláàsì ló wà níbẹ̀. Shirley gbé fọ́tò sókè: sínágọ́gù rèé. Wọ́n tún rìn, wọ́n dúró sí ìkóríta. Ibi yìí ni wọ́n ti ń ṣe búrẹ́dì. Kò sí búrẹ́dì, kò sí ilé. Iná ojú pópó ló wà níbẹ̀. Shirley tún gbé fọ́tò sókè. Àwọn tó kù ń mi orí, wọ́n ń ya àwòrán òfìfo náà.

Fàósátù tẹ ẹnu mọ́ Oyèníkẹ́ létí. "Èwo ni kí á máa wolé níbi tí kò sílé?"

Oyèníkẹ́ gé ètè jẹ kó má baà rẹ́rìn-ín. Ó ní ohun tó ti lọ ni wọ́n wá wò.

"Ẹni tó bá fẹ́ wo ohun tó ti lọ, kó jókòó sílé. Gbogbo wa la ní in."

Ibi kẹta ni parking lot kan. Mọ́tò bí ogún ló wà níbẹ̀. Ojú Shirley yí padà, ohùn rẹ̀ náà sì rọ̀. Ó ní ibẹ̀ ni ilé bàbá àgbà òun. Ibẹ̀ ni bàbá náà gbé fún ogójì ọdún, inú yàrá iwájú níbẹ̀ ló sì kú sí. Ó ní kí àwọn èèyàn tẹ̀lé òun kí òun fi ibi tí ilé ìdáná wà hàn wọ́n, ó sì gba àárín àwọn mọ́tò wọlé. Gbogbo wọn tẹ̀lé e.

Fàósátù dúró sétí ọ̀nà. Ó ti bọ́ bàtà rẹ̀, ó fi í lé ọwọ́.

Oyèníkẹ́ sáré padà wá. Ó bi í bóyá bàtà ń ta á lẹ́sẹ̀ ni.

"Níbo ni wọ́n sin bàbá náà sí?"

"Bàbá wo, Mummy?"

"Bàbá àgbà rẹ̀. O gbọ́ tó ní inú ilé rẹ̀ ló kú sí. Wọ́n wó ilé náà, wọ́n wá gbé mọ́tò lé e lórí. Èmi kò ní tẹ òkú olókùú mọ́lẹ̀. Bí wọ́n bá sọ apá ibi tó wà, màá gba ẹ̀gbẹ́ kọjá."

Oyèníkẹ́ bẹ̀ ẹ́ pé kó jọ̀ọ́, kó má dójú ti òun. Ṣùgbọ́n Shirley ti rí i, ó ti ń padà bọ̀, àwọn tó kù ń bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Fàósátù kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ṣe ògbufọ̀. Ó fi Gẹ̀ẹ́sì tó fi ń bá alága ìjọba ìbílẹ̀ sọ̀rọ̀ láyé ọjọ́un bi obìnrin náà pé, lábẹ́ mọ́tò wo ni bàbá àgbà wọn wà? Ọmọdékùnrin méjì tó so ẹ̀rọ mọ́ etí pa ẹ̀rín sínú. Shirley kò rẹ́rìn-ín. Ó wo ẹsẹ̀ Fàósátù lórí kọ̀ǹkéré tútù náà.

Ó ní àwọn kì í sin òkú sílé. Ó ní kí àwọn baba àwọn tó ní ibi tí wọn yóò ti jọ́sìn ní ìlú yìí, ilẹ̀ ìsìnkú ni wọ́n kọ́kọ́ rà. Ó nawọ́ sí apá gúúsù, ó ní ó wà lódìkejì odò, lórí òkè. Wọ́n ti ta ilé, wọ́n ti ta ṣọ́ọ̀bù, sínágọ́gù pàápàá kò sí mọ́. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ yẹn wà níbẹ̀. Kò sí ẹni tó lè tà á, torí kò sí ẹni tó ni ín.

Fàósátù ní tiwọn yàtọ̀. Inú ilé ni àwọn ń sin tàwọn sí, kí ẹnikẹ́ni má baà lè ta ilé náà.

"Wọn kì í wá tà á lóòótọ́?" Shirley kò bi í bí ẹni tó ń ṣe yẹ̀yẹ́. Ó fẹ́ mọ̀ ni.

"Ta ni yóò ta bàbá rẹ̀?" ni Fàósátù wí. Ó wọ bàtà rẹ̀ padà, ó sì tẹ̀lé wọn wọ àárín mọ́tò.

Shirley wá gbé fọ́tò ilé náà sókè: ilé onípákó, igi kan níwájú rẹ̀, àtẹ̀gùn mẹ́ta. Ó ní nígbà tí ìyá àgbà òun di arúgbó, tí wọ́n gbé e lọ sí ilé ìtọ́jú àwọn àgbà, ojoojúmọ́ ló ń béèrè ilé yìí. Wọ́n ti wó o nígbà náà. Ìyá Shirley kò lẹ́nu láti sọ. Fọ́tò méje ni wọ́n ní, ọjọ́ kan náà ni wọ́n ya gbogbo rẹ̀. Bí ọjọ́ Àìkú bá dé, wọn á mú ọ̀kan lọ fún ìyá àgbà: ilé yín rèé, ó wà bó ṣe wà. Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, wọn á mú òmíràn. Bí méjèèje bá tán, wọn á tún bẹ̀rẹ̀. Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín díẹ̀, ẹ̀rín àánú.

"Ó kú láìmọ̀," Shirley wí. "Ìyá mi rò pé oore ni òun ṣe. Èmi náà rò bẹ́ẹ̀ nígbà náà."

Fàósátù bi í pé ọdún mélòó ni wọ́n fi ṣe é. Shirley ní ọdún mẹ́rin.

Inú train tó ń gbé wọn padà ni Fàósátù ti fa fóònù rẹ̀ yọ. Ó ní kí Oyèníkẹ́ bá òun ṣí gbogbo fídíò Ṣínà, láti ìparí wá sí ìbẹ̀rẹ̀. Mẹ́sàn-án ni. Ṣínà wọ ẹ̀wù pupa nínú ọ̀kan, funfun nínú òmíràn, aṣọ bọ́ọ̀lù nínú ẹ̀kẹta.

"Má wo Ṣínà," ni Fàósátù wí. "Wo gọ́tà."

Ọ̀rá omi kan wà létí gọ́tà náà, omi inú rẹ̀ ti tán, igun kan ká sókè bí etí ajá. Ó wà níbẹ̀ nínú fídíò oṣù Kínní tó jẹ́ ìgbà ọyẹ́. Ó wà níbẹ̀ nínú ti oṣù Keje, nígbà tí òjò Ẹ̀pẹ́ ń gbé bàtà lọ. Ó ká bákan náà, igun kan náà. Òjìji agbá omi sì wà lórí ògiri, lórí búlọ́ọ̀kù kẹrin, nínú mẹ́sẹ̀ẹ̀sán.

Oyèníkẹ́ wò ó lẹ́ẹ̀mejì. "Mummy, bóyá wọn kì í gbálẹ̀ níbẹ̀ ni," ó bẹ̀rẹ̀, kò sì parí rẹ̀. Train kọjá Whitehorn pẹ̀lú wọn nínú rẹ̀. Wọ́n ní láti sọ̀ ní ibùdókọ̀ tó tẹ̀lé e, kí wọ́n wọ òmíràn padà.

Rodiyat ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ibi iṣẹ́ dé, aṣọ nọ́ọ̀sì ṣì wà lọ́rùn rẹ̀, ó ń gbé ìrẹsì kaná. Fàósátù fi fóònù náà lé orí tábìlì.

"Ọjọ́ wo lẹ tà á?"

Ọmọ náà kò díbọ́n. Ó pa iná. "Ta ló sọ fún yín?"

"Gọ́tà."

Rodiyat jókòó. Ó ti lé ní ọdún méjì, ó wí. Ìgbà tí wọ́n fẹ́ ra ilé tí wọ́n wà yìí ni. Iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ Ọlábánjọ nígbà náà, owó wọn kò sì tó. Ìwé àṣẹ tí ìyá rẹ̀ fọwọ́ sí fún un kó máa bá a rí sí ọ̀rọ̀ iná àti owó ilẹ̀ ló lò. Ó ní òun fẹ́ sọ. Ó ní lójoojúmọ́ ni òun ń fẹ́ sọ, bí òun bá sì rí ojú ìyá òun bó ṣe ń wo fídíò, òun á dákẹ́. Ṣínà ti ya gbogbo fídíò náà sílẹ̀ lọ́jọ́ kan kí wọ́n tó kó kọ́kọ́rọ́ fún ẹni tó rà á.

"Ilé yín náà lẹ wà yìí, Mummy. Owó yín ló wà nínú ògiri yìí."

Fàósátù wo ògiri náà fún ìgbà díẹ̀, bó ṣe ń wo ògiri láyé ìgbà iṣẹ́ rẹ̀. "Bàbá ẹ ńkọ́?"

"Ẹni tó rà á ní òun kò ní fọwọ́ kàn án."

"Ṣé o gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀?"

"Ṣínà ló sọ fún mi."

"Ṣínà tó wọ ẹ̀wù mẹ́sàn-án lọ́jọ́ kan."

Rodiyat bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Ó ní àwọn kò fẹ́ kí inú rẹ̀ bàjẹ́ ni, pé oore ni àwọn rò. Fàósátù ní òun ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn lẹ́ẹ̀kan lónìí, lẹ́nu ẹni tí kò fi bò. Kò gbé ohùn sókè. Ó wá bébà àti bírò, ó jókòó sí iwájú ọmọ rẹ̀ tó ń sunkún, ó kọ ìwé wolé-wolé: orúkọ onílé, ohun tó bàjẹ́, iye ọjọ́. Ó kọ mọ́kànlélógún, ó fagi lé e, ó kọ "Ọ̀la, aago méje àárọ̀." Ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ ara fìríìjì, ó ní òun fẹ́ fi ojú ara òun rí sàréè náà ní aago yẹn.

Mardiyah wọlé, ó kà á títí, kò lè kà á. "Grandma, what's that?"

"Ìwé ni. Ìyá ẹ ni wọ́n kọ ọ́ sí."

Aago méje àárọ̀ Calgary, aago méjì ọ̀sán ni ní Ẹ̀pẹ́. Lọ́jọ́ náà, network gbé àwòrán. Rodiyat ti fi òru bá Ṣínà sọ ọ́ yanjú, torí náà Ṣínà ti wà níbẹ̀, ó dúró síwájú géètì kan tí Fàósátù kò mọ̀. Ó dọ̀bálẹ̀ níwájú fóònù.

"Big Mummy, ẹ kú ilé o."

"Ilé wo?"

Ṣínà dìde. Ó yí fóònù náà padà. Ilé kò sí. Ibi tí wọ́n ti ń yọ búlọ́ọ̀kù tà ló wà níbẹ̀: òkìtì yanrìn, ẹ̀rọ, búlọ́ọ̀kù tútù tí wọ́n sá ní ìlà-ìlà, ọkọ̀ akóyanrìn kan tí wọ́n gbé sí àárín. Gọ́tà nìkan ló ṣẹ́ kù lójú pópó, ó sì ti dí. Ṣínà ní wọ́n ti kó erùpẹ̀ dí kànga náà, àmọ́ òun ṣì mọ ojú ibẹ̀. Ó fẹ́ kọjá wọlé.

"Dúró. Bọ́ bàtà ẹ."

"Mummy, ilẹ̀ yìí gbóná o, òkúta ni gbogbo rẹ̀."

"Mo ní kí o bọ́ bàtà."

Ó bọ́ ọ. Fàósátù ní kí ó dúró sí ojú kànga, kí ó kọjú sí ìwọ̀-oòrùn, kí ó ka ìṣísẹ̀ méjìlá, kí ó máa kà á síta. Ó ń kà, ó ń gbé ẹsẹ̀ bí ẹni tó ń rìn lórí iná. Nígbà tó dé mẹ́wàá, kò rí ọ̀nà lọ mọ́. Táyà ẹ̀yìn ọkọ̀ náà ló wà níwájú rẹ̀.

"Ó ku méjì, Big Mummy. Abẹ́ mọ́tò ni."

"Ibẹ̀ ni," Fàósátù wí. "Ìṣísẹ̀ mẹ́ta sí i ni tèmi."

Rodiyat dúró lẹ́yìn ìyá rẹ̀ nínú ilé ìdáná, ó ti bọ́ sílípáàsì tirẹ̀ náà, Ọlọ́run nìkan ló mọ ìgbà tó bọ́ ọ. Fàósátù rí i. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ Ṣínà, ó ní kó wọ bàtà rẹ̀ tó bá ti jáde tán, ó pa fóònù.

Lẹ́yìn náà ló lọ síbi fìríìjì. Ó yọ ìwé náà, ó tẹ́ ẹ sórí tábìlì, ó mú bírò láti kọ èsì sí ìsàlẹ̀ rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́. Ohun méjì péré ló mọ̀ ọ́n kọ, kò sì sí èyí tó bá a mu. Ó wá kọ ẹ̀kẹta, ó fi orúkọ sí i, ó fi déètì sí i: "Kò ṣeé tún ṣe."

Ó fi í lé Rodiyat lọ́wọ́. Ó wọ kóòtù rẹ̀, ó fún Mardiyah ní báàgì rẹ̀, ó sì mú un jáde lọ sí school, torí aago mẹ́jọ ti fẹ́ lù.